Orúkọ Ara Ilẹ̀kùn

Ní Ikuno, ní Osaka, lẹ́bàá odò tí wọ́n fi kọnkéré há mọ́,
pátákó kékeré kan wà lára ilẹ̀kùn wa.
Takayama ni wọ́n kọ sí i.
Bàbá mi ló ní kí wọ́n gbẹ́ ẹ, kí n tó dáyé.
Ó ní ilé tí kò lórúkọ gidi níta
ni onílé kì í pẹ́ lé èèyàn kúrò nínú rẹ̀.

Ko ni wá.
Tí a bá bọ́ bàtà lẹ́nu ọ̀nà, Ko ni wá.
Tí a bá wọ̀ ọ́ padà, Takayama.

Bàtà sì ni iṣẹ́ wa.
Màmá ń fi gọ́ọ̀mù lẹ àtẹ́lẹ̀ sálúbàtà,
ọ̀ọ́dúnrún lójúmọ́, fèrèsé ní títì,
òórùn gọ́ọ̀mù a máa kọ́ wa lórí bí ọtí.
Èdè Japan ló fi ń bá oníbàárà dúnàádúrà,
ṣùgbọ́n tó bá di kí ó ka ọjà,
èdè Jeju ni, erékùṣù tó ti wọkọ̀ wá lọ́mọ ọdún mẹ́jọ.
"A kì í fi ẹnu àyálò ka owó."

Èmi, Myong-ja nílé, Akiko níléèwé.
Àmì kan náà ni wọ́n fi ń kọ ọ́, ìmọ́lẹ̀ àti ọmọ;
ẹnu tó bá kà á ló ń pinnu ẹni tí mo jẹ́,
bí ọwọ̀ àti ọ̀wọ̀:
ohùn yí díẹ̀, wọ́n fi ọ́ gbálẹ̀,
ohùn tún yí, wọ́n yẹ́ ọ sí.

Ẹ̀gbọ́n mi Chong-ung fi Takayama Masao gbaṣẹ́
níbi tí wọ́n ti ń ta ẹ̀rọ amúlétutù.
Ọdún mọ́kànlá. Kò pe ẹnì kan wá sílé rí.
N kò bá a jà. Ọmọ méjì ló ń bọ́.
Ta ni yóò bá ẹni tó ṣí agbòjò wí
nígbà tí òjò kò tíì dá?

Nígbà tí Màmá pé ọdún mẹ́tàlélọ́gọ́ta, ó wọ iléèwé alẹ́.
Pẹ́ńsù, rọ́bà, ìwé onílà gbàgàdà.
Oṣù mẹ́rin ló fi bá orúkọ ara rẹ̀ jìjàkadì:
Ko Sun-hwa. Ó kọ ọ́ kún ojú ewé kan,
ó gbé e bọ̀ wálé bí ẹni gbé ẹyin.
"Èyí ni kí ẹ kọ síta lọ́jọ́ tí mo bá lọ."
A rẹ́rìn-ín. Òun kò rẹ́rìn-ín.

Ó lọ nínú oṣù kejì, yìnyín ń bọ́ wẹ́ẹ́rẹ́.
Ẹ̀gbọ́n mi ní, "Takayama ni kí a kọ.
Àwọn ará ibiṣẹ́ mi ń bọ̀."
Mo yọ ewé ìwé náà. N kò sọ̀rọ̀.
Ó wò ó pẹ́. Rọ́bà ti dá ihò sí ìdí orúkọ náà.
Òun fúnra rẹ̀ ló mú un lọ bá akọ̀wé.

Wọ́n dé, àwọn márùn-ún, nínú kóòtù dúdú,
wọ́n kọjá ẹnu ọ̀nà wa.
Wọ́n yí padà, wọ́n tún kọjá.
Takayama ni wọ́n ń wá; Ko ló wà lára àtùpà ìsìnkú.
A ń wò wọ́n láti inú ilé, èmi àti ẹ̀gbọ́n mi,
ẹsẹ̀ wa lófìfo.

Ó lè jẹ́ kí wọ́n máa lọ. Mo rí i pé ó rò ó.
Ó wá ki ẹsẹ̀ bọ sálúbàtà Màmá, òun ló sún mọ́ ọn jù,
gìgísẹ̀ rẹ̀ yọ sẹ́yìn,
ó sáré bọ́ sínú yìnyín:
"Ibí ni! Ibí yìí náà ni!"

Ọ̀gá wọn wo àtùpà, ó wo ojú rẹ̀,
ó tẹrí ba. Kò bèèrè nǹkan kan.
Bóyá ọ̀wọ̀ ni, bóyá ìtìjú, n kò mọ̀ títí dòní.
Ọ̀kan nínú wọn kò fọwọ́ kan tíì.

Pátákó méjì ló wà lára ilẹ̀kùn wa báyìí.
Ẹ̀gbọ́n mi ló kan èkejì; ó wọ́ díẹ̀.
Ìwé owó iná ń wá fún Takayama.
Lẹ́tà iléèwé alẹ́ ṣì ń wá fún Ko Sun-hwa,
lóṣooṣù. A kò tíì sọ fún wọn.